Orúkọ Tí Késárì Kò Pè: Àgbéyẹ̀wò Res Gestae, Tacitus àti Ronald Syme lórí Agbára ní Róòmù

Ìfáárà

Nínú ọ̀rọ̀ ìṣáájú tí Samuel Johnson kọ sí ìwé rẹ̀, The History of the Yorubas, ní ọdún 1897, ó dárò pé àwọn Yorùbá tí ó kàwé ní ìgbà náà mọ ìtàn ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ti Róòmù àti ti Gíríìkì dáadáa, ṣùgbọ́n wọn kò mọ ìtàn ilẹ̀ bàbá wọn. Ìwé náà kò jáde títí di ọdún 1921. Ẹ̀sùn tí Johnson fi kan àwọn ènìyàn rẹ̀ tọ́, ọ̀pọ̀ onímọ̀ ni ó sì ti sa ipá wọn láti ìgbà náà kí ẹ̀gàn náà lè kúrò. Ṣùgbọ́n ìbéèrè kan ṣẹ́ kù tí Johnson kò bi: Róòmù tí wọ́n mọ̀ náà, irú mímọ̀ wo ni wọ́n mọ̀ ọ́n? Ohun tí a fi ń kọ́ akẹ́kọ̀ọ́ nípa Róòmù kì í sábà ju orúkọ àwọn Késárì, ogun tí wọ́n jà àti ọ̀nà tí wọ́n là lọ. Késárì Augustus tí Lúùkù dárúkọ nínú ìtàn ìbí Jésù ni ó pàṣẹ kí wọ́n kọ orúkọ àwọn ènìyàn sílẹ̀. Ibẹ̀ ni ẹ̀kọ́ parí sí. Bí ènìyàn kan ṣoṣo ṣe wá di ẹni tí ó lè pa irú àṣẹ bẹ́ẹ̀ fún gbogbo ilẹ̀ tí ó yí òkun Mẹditaréníà ká kì í sí nínú rẹ̀.

Ohun tí ó jẹ àpilẹ̀kọ yìí lógún ni bí ó ti yẹ kí a ka àkọsílẹ̀ tí alágbára bá kọ nípa ara rẹ̀. Iṣẹ́ mẹ́ta ni ó dá lé. Èkíní ni Res Gestae Divi Augusti, èyí tí Augustus fúnra rẹ̀ kọ. Èkejì ni ìtàn tí Tacitus kọ ní nǹkan bí ọgọ́rùn-ún ọdún lẹ́yìn ikú Augustus. Ẹ̀kẹta ni The Roman Revolution tí Ronald Syme tẹ̀ jáde ní ọdún 1939. Èrò tí àgbéyẹ̀wò náà dúró lé lórí ni pé agbára Augustus kò sí nínú oyè tí ó ń jẹ́, àti pé òun gan-an ni ó jẹ́rìí sí i, bí òǹkàwé bá lè kíyè sí ibi tí ó ti yẹra fún orúkọ.

Ọ̀rọ̀ Tí Wọ́n Gbẹ́ Sára Idẹ

Augustus kú ní ìlú Nola ní ọjọ́ 19 oṣù Kẹjọ ọdún 14 lẹ́yìn ìbí Kristi (LK), nígbà tí ó ku nǹkan bí oṣù kan kí ó pé ẹni ọdún 76. Lára ìwé tí ó fi sílẹ̀ ni àkọsílẹ̀ ohun tí ó gbé ṣe láyé, tí ó sì pàṣẹ pé kí wọ́n gbẹ́ sára idẹ síwájú ibojì òun ní Róòmù. Idẹ náà ti sọnù. Ẹ̀dà tí ó pé jù lọ ni èyí tí ó wà lára ògiri tẹ́ḿpìlì kan ní Ankara, ní ilẹ̀ Tọ́kì, ní èdè Látìn àti ti Gíríìkì. Àjákù ẹ̀dà mìíràn wá láti Antioch ti Písídíà àti Apollonia, tí àwọn náà wà ní ilẹ̀ Tọ́kì òde òní. Orí 35 ni iṣẹ́ náà ní, gbogbo wọn ni ó sì kúrú.

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní ẹnu oníkàn ni a ti ń gbọ́ pọ̀ún. Ohun tí ó wà níbẹ̀ ni pé oníkàn yìí mọ ohun tí ó fẹ́ kí a gbọ́. Arọ́pò-orúkọ ẹni kìíní ẹyọ ni ó fi sọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, òǹkà ni ó sì fi ṣe ọ̀ṣọ́ rẹ̀. Ó ka tẹ́ḿpìlì 82 tí ó tún ṣe láàárín ọdún kan. Ó ka ọba àti ọmọ ọba mẹ́sàn-án tí wọ́n fà lọ níwájú kẹ̀kẹ́ ogun rẹ̀, ó ka ọjọ́ 890 tí wọ́n fi dúpẹ́ lọ́wọ́ àwọn òrìṣà nítorí ìṣẹ́gun rẹ̀, ó ka nǹkan bí 10,000 ọkùnrin tí wọ́n jà nínú eré ìfidà-jà tí ó ṣe fún aráàlú àti nǹkan bí 3,500 ẹranko ilẹ̀ Áfíríkà tí wọ́n pa nínú eré ọdẹ 26. Ẹni tí etí rẹ̀ mọ oríkì lè fẹ́ pe èyí ní oríkì. Kò rí bẹ́ẹ̀. Ẹnu ẹlòmíràn ni oríkì ti ń wá, oríkì kì í sì í fi ìyìn nìkan mọ. A máa mú ìwà tí kò sunwọ̀n mọ́ èyí tí ó sunwọ̀n, a sì máa dárúkọ àwọn tí ẹni náà bá jà. Res Gestae kò ṣe ọ̀kankan nínú wọn.

Gbólóhùn àkọ́kọ́ nínú rẹ̀ ni ó tó láti dá òǹkàwé dúró. Níbẹ̀ ni Augustus ti sọ pé nígbà tí òun jẹ́ ọmọ ọdún 19, òun fi ìfẹ́ inú àti owó ara òun kó ọmọ ogun jọ, òun sì fi wọ́n gba ìlú sílẹ̀ lọ́wọ́ ẹgbẹ́ kan tí ó ń jẹ gàba lé e lórí. Kò sọ ẹni tí ó ni ẹgbẹ́ náà. Marcus Antonius ni ó ń bá wí, Antonius sì ni kọ́ńsùlù ní ọdún náà, ìyẹn ọdún 44 ṣáájú ìbí Kristi (ṢK). Bí a bá fi orúkọ yìí sí ibi tí ó ti yọ ọ́ kúrò, ìtumọ̀ gbólóhùn náà yí padà pátápátá. Ọ̀dọ́mọkùnrin tí kò ní oyè kankan ni ó fi owó kó ọmọ ogun jọ láti kọjú sí olórí ìlú tí ó wà lórí oyè. Ọ̀tẹ̀ ni òfin Róòmù ń pe irú rẹ̀.

Báyìí ni ó ṣe ṣe é títí dé òpin. Brutus àti Cassius kò ní orúkọ. Àwọn tí ó pa bàbá òun ni wọ́n. Sextus Pompeius, ọmọ Pompeius ńlá tí ó fi ọkọ̀ ojú omi yọ ọ́ lẹ́nu fún ọdún púpọ̀, di ọ̀rọ̀ nípa olè ojú òkun. Lepidus, tí wọ́n jọ pín ìjọba, di ẹnìkan tí ó gba oyè olórí àlùfáà nígbà rògbòdìyàn. Antonius fúnra rẹ̀ di ẹni tí òun bá jagun, Cleopatra kò sì sí nínú rẹ̀ rárá. Íjíbítì kàn wọ abẹ́ àṣẹ Róòmù ni. Ẹ̀wẹ̀, Agrippa, Tiberius, Gaius àti Lucius, àwọn ará ilé rẹ̀, ní orúkọ tiwọn. Ẹni tí ó bá kó àwọn tí ó ní orúkọ sí ẹgbẹ́ kan, tí ó kó àwọn tí kò ní sí ẹgbẹ́ kejì, ti rí ohun tí Augustus kò fẹ́ kí ó rí: ogun láàárín àwọn ọmọ ìlú kan náà, tí ẹgbẹ́ kan ṣẹ́gun, tí ó sì wá gbẹ́ ìtàn sára idẹ.

Ohun mìíràn tún wà tí kò tilẹ̀ gba inú ọ̀rọ̀ kọjá. Ní ìparí ọdún 43 ṢK, òun, Antonius àti Lepidus kọ orúkọ àwọn ọ̀tá wọn sójú pátákó ní gbangba, wọ́n sì ṣe ẹ̀bùn owó fún ẹnikẹ́ni tí ó bá pa wọ́n. Cicero, tí ó ti fi ohùn rẹ̀ ti Augustus lẹ́yìn nínú ìgbìmọ̀ àgbà tí wọ́n ń pè ní Sẹ́nétì, wà lára wọn. Wọ́n pa á ní ọjọ́ 7 oṣù Kejìlá, wọ́n sì gbé orí àti ọwọ́ rẹ̀ kọ́ sí orí pèpéle tí ó ti máa ń bá aráàlú sọ̀rọ̀. Res Gestae mẹ́nu ba oyè tí àwọn mẹ́ta náà jẹ. Kò mẹ́nu ba pátákó.

Ọ̀rọ̀ nípa ilẹ̀ Jámánì kò le tó bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n ó ń fi ọwọ́ òǹkọ̀wé náà hàn. Augustus ní òun ti fi àlàáfíà sí ibẹ̀ dé ẹnu odò Elbe. Ní ọdún 9 LK, ọdún márùn-ún kí ó tó kú, wọ́n pa ẹgbẹ́ ọmọ ogun ńlá mẹ́ta tí Varus kó lọ síbẹ̀ run. Kò sí ẹni tí ó tún gbólóhùn náà ṣe.

Ìṣòro Ọ̀rọ̀ Kan: Auctoritas

Orí 34 ni ọkàn iṣẹ́ náà. Níbẹ̀ ni Augustus ti sọ pé ní ọdún 28 àti 27 ṢK òun dá ìjọba padà fún Sẹ́nétì àti àwọn ará Róòmù, àti pé láti ìgbà náà lọ, òun kò ní agbára oyè ju àwọn tí wọ́n jọ jẹ oyè kan náà lọ. Ohun tí òun fi ju gbogbo wọn lọ ni auctoritas. Ọ̀rọ̀ Látìn yìí ti jẹ́ ìyọnu fún àwọn atúmọ̀ èdè. Ibi tí ó yẹ kí ó wà ti bàjẹ́ lára ògiri Ankara, Mommsen, ọ̀mọ̀wé ará Jámánì tí ó ṣe àtúntò iṣẹ́ náà, sì wo ìtumọ̀ ti Gíríìkì, ó fi ọ̀rọ̀ Látìn mìíràn tí ó dúró fún iyì dí àlàfo náà. Nígbà tí wọ́n hú àjákù ti Antioch jáde ní ìbẹ̀rẹ̀ ọgọ́rùn-ún ọdún ogún ni ó tó hàn pé auctoritas ni Augustus kọ.

Kí ni Yorùbá yóò pè é? Ọ̀rọ̀ tí yóò kọ́kọ́ sọ sí atúmọ̀ lọ́kàn ni àṣẹ. Bí ó bá lò ó, yóò ti ṣe iṣẹ́ tí Augustus fẹ́ kí ó ṣe, nítorí pé àṣẹ kó ohun méjì pọ̀: agbára tí oyè fún ènìyàn, àti agbára tí ó wà lẹ́nu ẹni tí ọ̀rọ̀ rẹ̀ kì í bọ́ sílẹ̀. Ohun méjì yìí gan-an ni orí 34 fẹ́ yà sọ́tọ̀. Iyì náà kò tó. Oníyì púpọ̀ ni ó wà tí kò sí ẹni tí ó ń gbọ́ tiwọn. Bóyá ohun tí ó súnmọ́ ọn jù ni kí a sọ pé ọ̀rọ̀ rẹ̀ ni ó ń lékè ọ̀rọ̀ gbogbo ènìyàn. Ṣùgbọ́n kí ni ó ń mú kí ọ̀rọ̀ náà lékè? Ìdáhùn náà wà ní orí mìíràn nínú iṣẹ́ kan náà, níbi tí ó ti sọ pé nǹkan bí 500,000 ọmọ Róòmù ni ó búra ogun fún òun, àti pé òun fún èyí tí ó ju 300,000 nínú wọn ní ilẹ̀ tàbí owó nígbà tí wọ́n fẹ̀yìn tì. Nínú ètò ọdún 27 ṢK, àwọn agbègbè tí ọmọ ogun pọ̀ sí jù lọ ni ó bọ́ sí ọwọ́ rẹ̀. Ó dá ìjọba padà, kò dá ọmọ ogun padà.

Ohùn Méjì Nínú Ìtàn Tacitus

Tacitus jẹ́ kọ́ńsùlù ní ọdún 97 LK. Abẹ́ Domitian, Késárì tí ó pa ọ̀pọ̀ àgbà Sẹ́nétì, ni ó ti gun àkàbà oyè rẹ̀, ìyẹn sì wà nínú gbogbo ohun tí ó kọ. Ní ìbẹ̀rẹ̀ Annales ó ṣèlérí pé òun kò ní fi ìbínú tàbí ojúsàájú kọ̀wé. Àwọn lámèyítọ́ ti fi ìlérí yìí ṣe ẹlẹ́yà púpọ̀, wọn kò sì jẹ̀bi.

Síbẹ̀, ọgbọ́n ìṣọ̀tàn tí ó lò lórí Augustus yẹ fún àkíyèsí. Kò tún ìgbésí ayé rẹ̀ sọ. Ìgbà tí ó ń sọ ti ìsìnkú rẹ̀ ni ó jẹ́ kí àwọn ènìyàn máa sọ̀rọ̀ nípa olóògbé. Àwọn kan ní ìfẹ́ bàbá rẹ̀ àti ìdààmú ìlú ni ó tì í sínú ogun, pé kò sí oògùn mìíràn fún ìlú tí ó ń jà láàárín ara rẹ̀ ju pé kí ẹnìkan ṣe àkóso rẹ̀, pé ó sì fi òfin àti àlàáfíà rọ́pò rúkèrúdò. Àwọn mìíràn ní bojúbojú lásán ni ìfẹ́ bàbá. Ìfẹ́ agbára ni ó mú kí ó fi owó fa ojú àwọn ọmọ ogun mọ́ra, kí ó sì tan Sextus Pompeius, Lepidus àti Antonius jẹ lọ́kọ̀ọ̀kan. Àlàáfíà wà lóòótọ́, wọ́n ní, ṣùgbọ́n ẹ̀jẹ̀ wà lára rẹ̀, wọ́n sì ka Varus mọ́ ọn. Agbẹ́jọ́ẹnìkandá, àgbà òṣìkà ni; Tacitus kò dá ẹjọ́ náà lẹ́nu ara rẹ̀ rárá.

Ó dá a ní ọ̀nà mìíràn. Ohùn kejì gùn ju ti àkọ́kọ́ lọ, òun ni ó sì gbẹ̀yìn, òun ni òǹkàwé ń gbé lọ. Èyí kì í ṣe ìdájọ́ tí ó dọ́gba, kò sì yẹ kí olùkọ́ kan kọ́ akẹ́kọ̀ọ́ pé ó dọ́gba. Ohun tí ó ṣe tí ó níye lórí ni pé ó dárúkọ. Brutus, Cassius, Antonius, Lepidus, Sextus Pompeius, gbogbo orúkọ tí idẹ gbé mì ni wọ́n tún jáde ní ojú ewé méjì. Ẹni tí ó bá ka orí àkọ́kọ́ Res Gestae, tí ó sì ka orí kẹsàn-án àti ìkẹwàá ìwé kìíní Annales tẹ̀lé e, kò nílò àlàyé púpọ̀ mọ́. Ó ṣòro láti gbà pé Tacitus kò ní ọ̀rọ̀ idẹ náà lọ́kàn nígbà tí ó ń kọ wọ́n.

Ọdún 69 àti Òfin Vespasian

Ohun tí Augustus bò fi ara hàn ní ọdún 69 LK, ọdún tí Késárì mẹ́rin tẹ̀ lé ara wọn. Galba ti di Késárì láti ilẹ̀ Spéènì lẹ́yìn ikú Nero ní oṣù Kẹfà ọdún 68. Kò fún àwọn ẹ̀ṣọ́ ààfin ní owó tí wọ́n ṣèlérí fún wọn lórúkọ rẹ̀, wọ́n sì pa á ní ọjọ́ 15 oṣù Kìíní, wọ́n fi Otho jẹ. Ní oṣù Kẹrin, àwọn ọmọ ogun tí ó wá láti odò Rhine ṣẹ́gun Otho, ó pa ara rẹ̀, Vitellius sì jọba. Ní ọjọ́ 1 oṣù Keje, wọ́n kéde Vespasian ní Alẹksáńdríà; ní oṣù Kejìlá, tẹ́ḿpìlì Júpítà tí ó wà lórí òkè Capitol jó kanlẹ̀ nígbà ìjà, wọ́n sì pa Vitellius ní ìgboro Róòmù. Nínú Historiae, Tacitus ní ohun tí ikú Nero tú síta ni àṣírí pé a lè fi ènìyàn jẹ Késárì ní ibòmíràn yàtọ̀ sí Róòmù. Kì í ṣe àṣírí tuntun. Ọmọ ọdún 19 tí ó fi owó ara rẹ̀ kó ogun jọ ni ó kọ́kọ́ fi í hàn. Àwọn ènìyàn ni kò kà á dáadáa.

Ẹ̀rí tí ó lágbára jù lọ kò sí lọ́wọ́ Tacitus. Ó wà lára àwo idẹ kan tí ó wà ní ilé ohun ìṣẹ̀ǹbáyé Capitol ní Róòmù títí di òní, èyí tí òfin tí ó fún Vespasian ní agbára wà lára rẹ̀. Ó ka ohun tí ó ní ẹ̀tọ́ láti ṣe, ó sì ń tọ́ka sí Augustus, Tiberius àti Claudius pé àwọn náà ṣe bẹ́ẹ̀. Kò pe Caligula tàbí Nero. Ọgbọ́n Augustus ti di ọgbọ́n agbẹjọ́rò. Lẹ́yìn náà ni ó wá sọ pé gbogbo ohun tí Vespasian ti ṣe kí òfin náà tó jáde bá òfin mu. Ogun ti ṣáájú, òfin wá ń tọ ipasẹ̀ rẹ̀.

Àwo yìí kan náà ni Cola di Rienzo, ọmọ ẹlẹ́mu kan ní Róòmù, mú jáde tí ó sì túmọ̀ fún àwọn ará ìlú rẹ̀ kí ó tó gba agbára ní ọdún 1347. Ohun tí ó rí nínú rẹ̀ ni pé àwọn ará Róòmù ni ó ń fún Késárì ní agbára, nítorí náà wọ́n lè gbà á padà. Òǹkàwé tí ó fara balẹ̀ yóò sọ pé ó ṣì í kà. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ tí ó kà wà níbẹ̀: òfin náà sọ̀rọ̀ lórúkọ àwọn ará Róòmù. Irọ́ tí alágbára fi bo ara rẹ̀ ni Cola mú ní òótọ́, ó sì fi ìlú náà mì fún oṣù méje.

Syme àti Ọdún 1939

Ní ọdún 1937, ìjọba Mussolini ṣí àfihàn ńlá kan ní Róòmù láti sàmì ẹgbàá ọdún tí wọ́n bí Augustus. Ítálì ti gba Ẹtiópíà ní ọdún tí ó ṣáájú, wọ́n sì ti kéde pé ìjọba Róòmù ti padà dé. Ní ọdún 1938 wọ́n tún Pẹpẹ Àlàáfíà Augustus tò jọ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibojì rẹ̀, wọ́n sì gbẹ́ gbogbo Res Gestae sára ògiri ilé tí wọ́n kọ́ bò ó. Ó wà níbẹ̀ di òní. Orúkọ Antonius kò sí lára ògiri yìí náà.

Inú irú àsìkò yìí ni Ronald Syme, ọmọ New Zealand tí ó ń kọ́ni ní Oxford, ti kọ The Roman Revolution, tí ó jáde ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 1939, ọjọ́ díẹ̀ lẹ́yìn tí ogun àgbáyé kejì bẹ́ sílẹ̀. Syme kò jókòó ti ìwà Augustus. Ó wá àwọn tí ó yí i ká: ta ni ọmọ ta ni, ta ni ó fẹ́ ọmọ ta ni, ta ni ó jẹ kọ́ńsùlù lẹ́yìn tí wọ́n pa ta ni. Orúkọ tí ó wà nínú ìwé náà pọ̀ débi pé ó ń rẹ òǹkàwé, kò sì sí bí a ṣe lè fi ọ̀rọ̀ dídùn bo èyí mọ́lẹ̀. Àmọ́ ohun tí ìwé náà wà fún nìyẹn. Ó dá orúkọ padà sí ibi tí wọ́n ti yọ wọ́n, ó sì fi hàn pé ẹgbẹ́ kan ni ó gba ìlú, tí ó pín oyè àti ilẹ̀ fún àwọn tirẹ̀, tí ó sì pe èyí ní ìdápadà ìjọba. Ọ̀nà Tacitus ni ó tọ̀, kò sì fi pamọ́.

Arnaldo Momigliano, ọmọ Júù ará Ítálì tí òfin ìkórìíra ẹ̀yà ọdún 1938 lé kúrò lẹ́nu iṣẹ́ ní Turin, ṣe lámèyítọ́ ìwé náà ní ọdún 1940. Ó yìn ín, ó sì ní àbùkù rẹ̀ ni pé mímọ ẹni tí ènìyàn bá tan kò sọ ohun tí ó gbàgbọ́ fún wa. Òótọ́ ni. A lè fi kún un pé àwọn tí Syme mọ ìdílé wọn ni ó wà nínú ìwé rẹ̀. Ọmọ ogun lásán, tí ó jẹ́ pé torí ilẹ̀ oko ni ó ṣe ń jà, kò fi bẹ́ẹ̀ ní ojú nínú rẹ̀.

Àwọn Tí Kò Ní Orúkọ Níbì Kankan

Orí 25 Res Gestae sọ pé lẹ́yìn ogun ojú òkun, Augustus mú nǹkan bí 30,000 ẹrú tí wọ́n ti sá kúrò lọ́dọ̀ olówó wọn láti bá ọ̀tá jagun, ó sì dá wọn padà fún àwọn olówó náà kí wọ́n lè jẹ wọ́n níyà. Ó kà á mọ́ iṣẹ́ rere rẹ̀. Ohùn kejì tí Tacitus kó jọ síbi ìsìnkú, tí ó rántí Brutus, tí ó rántí Varus, kò rántí wọn. Àwọn tí ó ń sọ̀rọ̀ níbẹ̀, àwọn olóye ìlú ni Tacitus pè wọ́n, ohun tí ó sì dùn wọ́n ni òmìnira ti Sẹ́nétì.

Kì í ṣe pé Tacitus kò mọ̀ pé ẹrú wà. Nínú ìwé kẹrìnlá Annales, ó sọ bí ẹrú kan ṣe pa olówó rẹ̀, Pedanius Secundus, ní ọdún 61 LK. Àṣà àtijọ́ ní kí wọ́n pa gbogbo ẹrú inú ilé náà, àwọn 400 ni wọ́n, obìnrin àti ọmọdé sì wà nínú wọn. Aráàlú tú jáde láti dí wọn lọ́wọ́. Tacitus gbé ọ̀rọ̀ gígùn kan sí ẹnu Cassius Longinus, amòfin, tí ó ní kí wọ́n pa wọ́n. Kò gbé ọ̀rọ̀ kankan sí ẹnu ẹnì kan nínú àwọn tí ó takò ó, yàtọ̀ sí ariwo. Nero to ọmọ ogun sí ẹ̀gbẹ́ ọ̀nà, wọ́n sì kó àwọn 400 náà gba àárín wọn kọjá lọ sí ibi tí wọ́n ti pa wọ́n.